Ọkùnrin Tó Fi Omijé Èké Wọlé

Orúkọ tí ìyá rẹ̀ fún un ti kúrò lẹ́nu àwọn ènìyàn tipẹ́. Abẹfẹ́lẹ́ ni wọ́n ń pè é. Akọ̀ròyìn ni, ó sì ń kọ ìwé. Kì í kọ àròsọ. Ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an ló ń kọ, ṣùgbọ́n bó bá ti kọ ọ́ tán, ẹni tó ń kà á á máa gbọ́ òórùn yàrá náà, á máa gbọ́ bí omi ṣe ń kán sínú garawa, bí ẹni pé òun náà wà níbẹ̀. Ọlọ́run ló fún un ní ẹ̀bùn yìí. Kò dúpẹ́ rẹ̀ rí.

Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti wá ibi tí nǹkan ti ń rà, kó sì ṣí ìdérí rẹ̀ ní gbangba. Ó tú àṣírí ilé iṣẹ́ tó ń po ẹfun mọ́ oògùn àwọn ọmọdé. Ó tú àṣírí adájọ́ tó ń ta ìdájọ́ bí ẹni ta ẹ̀wà. Ọ̀gá ọlọ́pàá kan gbọ́ pé ó ń bọ̀ ní ọ́fíìsì, ojú fèrèsé ló gbà jáde. Bí Abẹfẹ́lẹ́ bá wọ ilé oúnjẹ, àwọn tó ń pariwo á dákẹ́, wọn á tẹjú mọ́ àwo wọn bí ọmọ iléèwé tó rí ọ̀gá.

A kò wá bú iṣẹ́ ìròyìn nínú ìwé kékeré yìí o. Ìlú tí kò bá ní irú ẹni bẹ́ẹ̀, àwọn olè ni yóò máa jókòó sórí àga níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun tó ń gbé Abẹfẹ́lẹ́ rìn kì í ṣe ìfẹ́ òtítọ́. Ìbínú ni. Òun ló ń bá sùn, òun ló ń bá jí.

Ẹ gbọ́ ibi tí ìbínú náà ti wá. Bàbá rẹ̀ ni olórí ẹgbẹ́ akọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ní ọjọ́ ìsìn, ohùn bàbá yìí á gbé ènìyàn dé ẹnu ọ̀nà ọ̀run. Bí wọ́n bá délé, ọwọ́ tó fi ń darí orin náà ló fi ń lu ìyá rẹ̀. Ọmọ á sá sábẹ́ tábìlì, á máa wo ẹsẹ̀ ìyá rẹ̀ bó ṣe ń fà sẹ́yìn lọ sí ẹ̀gbẹ́ ògiri. Àwọn alàgbà mọ̀. Wọ́n ní kí ìyá náà lọ ní sùúrù, pé ilé ọkọ ni ilé ẹ̀kọ́.

Ọjọ́ tí wọ́n sin ìyá náà, bàbá yìí ló dá orin. Ọmọ rẹ̀ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibojì, ojú rẹ̀ gbẹ. Ó búra nínú ara rẹ̀ pé ẹnikẹ́ni tó bá ń pe orúkọ Ọlọ́run lójú ayé, òun yóò wá ohun tí onítọ̀hún fi pamọ́ sí ìyẹ̀wù.

Ìwọ bàbá tí ò ń ka èyí, tí o ń kọrin níta tí o sì ń lu ènìyàn nínú ilé, má ṣe yára ṣí ojú ewé. Ọmọ tó wà lábẹ́ tábìlì rí ọ. Ọlọ́run náà rí ọ. O ó dáhùn fún ohun tí o sọ orúkọ Rẹ̀ dà lójú ọmọ yẹn.

Abẹfẹ́lẹ́ dàgbà, ó di ẹni ńlá nídìí iṣẹ́ rẹ̀. Ó ní ọ̀rẹ́ kan ṣoṣo, ẹni tó máa ń ya àwòrán tí wọ́n fi ń bá ìròyìn rẹ̀ jáde. Onífọ́tò la ó máa pè é. Àwọn méjèèjì ti jọ sá fún ìbọn rí, wọ́n ti jọ sùn sínú koríko rí nítorí ìròyìn. Nígbà tó yá, Onífọ́tò gba Jésù gbọ́. Abẹfẹ́lẹ́ fi í ṣe yẹ̀yẹ́ títí ó fi sú u, ṣùgbọ́n kò lé e. Ó ní, "Gbogbo ènìyàn ló ní àìsàn kan. Tìrẹ nìyẹn."

Ilé kan wà lẹ́yìn ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe bàtà. Opó kan ló ń bójú tó o. Ọtí ló pa ọkọ rẹ̀, láti ìgbà náà ló ti ń kó àwọn ọ̀mùtí jọ láti ojú títì, tó ń wẹ̀ wọ́n, tó ń bọ́ wọn, tó ń gbàdúrà fún wọn. Màmá ni gbogbo wọn ń pè é. Obìnrin kúkurú ni, ẹnu rẹ̀ sì mú. Bí àgbàlagbà bá tọ̀ sára níbẹ̀, Màmá á pààrọ̀ aṣọ fún un, á sì máa bú u bó ṣe ń pààrọ̀ rẹ̀.

Àwọn ará àdúgbò ní àwọn máa ń gbọ́ igbe nínú ilé náà. Ọ̀rọ̀ dé etí Abẹfẹ́lẹ́. Inú rẹ̀ dùn bí ẹni rí ẹran.

"Mo fẹ́ wọ ibẹ̀ bí ọ̀mùtí," ló sọ fún Onífọ́tò. "Màá kúnlẹ̀, màá ronú pìwà dà, màá rí gbogbo ohun tí wọ́n ń ṣe níbẹ̀."

"Tí o ò bá rí nǹkan kan ńkọ́?"

"Màá rí."

"Mo ní tí o ò bá rí ńkọ́?"

"Ẹ̀rù ń bà ẹ́ ni, torí pé ìwọ náà ti di ọ̀kan nínú wọn."

Onífọ́tò padà sídìí ẹ̀rọ fọ́tò rẹ̀.

Abẹfẹ́lẹ́ fi irùngbọ̀n sílẹ̀. Kò wẹ̀. Ó da ọtí sára ẹ̀wù rẹ̀, ó fi ẹrẹ̀ ojú ọ̀nà kun ṣòkòtò rẹ̀, ó sì lọ dojú bolẹ̀ sẹ́nu ọ̀nà ilé náà. Nígbà tí Màmá jáde, Abẹfẹ́lẹ́ fẹ́ sunkún, ẹkún kò wá. Ó wá rántí ìyá rẹ̀. Ó rántí ẹsẹ̀ rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, omijé sì ya. Ó lo ìyá rẹ̀ bí ẹni lo àlùbọ́sà.

Màmá fi etí aṣọ rẹ̀ nu ojú rẹ̀. "Ó ti tó," ló wí. "Wọlé. Ìyà tó jẹ ẹ́ náà ti tó."

Ní àṣálẹ́ ọjọ́ náà wọ́n gbàdúrà fún un. Wọ́n ní kó sọ tirẹ̀. Ó kúnlẹ̀ sáàárín àwọn ọkùnrin tí ètè wọn ti bó, ó ní, "Olúwa, ẹlẹ́ṣẹ̀ ni mí. Mo ti sọnù. Gbà mí." Ohùn rẹ̀ gbọ̀n níbi tó yẹ kó ti gbọ̀n. Gbogbo wọn ṣe àmín. Àwọn kan ń sunkún. Abẹfẹ́lẹ́ di ojú mọ́, ó ń to ìran náà lọ́kàn, ó ń wá ibi tí yóò fi sí nínú ìtàn rẹ̀.

Ọkùnrin tó sùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ níbẹ̀ ni Tíṣà. Ó ti kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò rí kí ọtí tó gba iṣẹ́ àti ilé mọ́ ọn lọ́wọ́. Ó máa ń sọ pé, "Mo kọ́ ọmọ aráyé bí wọ́n ṣe ń ka nǹkan, èmi fúnra mi ò lè ka ìgò." Òun ló fi bẹ́ẹ̀dì ẹ̀bá fèrèsé sílẹ̀ fún Abẹfẹ́lẹ́. Ó ní ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé nílò atẹ́gùn.

"Àbúrò, má bẹ̀rù," ló máa ń wí. "Ọjọ́ àkọ́kọ́ ló le jù. Èmi nìyí, mi ò mutí láti bí oṣù mélòó kan. Èmi tí màá ti mu epo inú fìtílà tí wọ́n bá sọ pé ọtí ni."

Yàrá kékeré kan wà lẹ́yìn ilé ìdáná. Ibẹ̀ ni igbe ti ń wá. Ẹni tó bá fi ọtí sílẹ̀ lójijì, ara rẹ̀ á máa gbọ̀n, á máa rí ejò lára ògiri, á fẹ́ sá lọ sójú títì níbi tí ọkọ̀ ti ń sáré. Màmá á mú un wọ yàrá náà, òun náà á wọlé tọ̀ ọ́. Ìkọ́ irin kan wà lára ilẹ̀kùn. Inú ni ìkọ́ náà wà. Màmá fúnra rẹ̀ ló ń fi há ilẹ̀kùn mọ́ ara òun àti ẹni tó ń gbọ̀n, kò sì ní jáde títí ara onítọ̀hún á fi rọ̀.

Abẹfẹ́lẹ́ rí i. Ó dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn náà lọ́jọ́ kan tí wọ́n gbé ọ̀dọ́kùnrin kan wọlé. Ọ̀dọ́kùnrin náà ń ké bí ẹran tí wọ́n fẹ́ pa. Láàárín igbe yẹn, Abẹfẹ́lẹ́ ń gbọ́ ohùn Màmá tó ń kọrin wúyẹ́wúyẹ́. Nígbà tí Màmá jáde, àpá eyín wà ní apá rẹ̀. Ó ní kí ẹnìkan lọ gbé omi wá, ó sì jókòó sórí ilẹ̀.

Abẹfẹ́lẹ́ yẹ ilé náà wò láti òrùlé dé ìpìlẹ̀. Kò rí ẹ̀wọ̀n. Kò rí pàṣán. Kò rí ẹni tí wọ́n fi agbára mú.

Ó yẹ kí inú rẹ̀ dùn. Inú bí i. Ó dùbúlẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì ẹ̀bá fèrèsé, inú ń bí i sí obìnrin tó ń bọ́ ọ. Bí obìnrin yìí bá jẹ́ òótọ́, á jẹ́ pé ó ṣeé ṣe láti mọ Ọlọ́run kéèyàn má sì jẹ́ àgàbàgebè. Bí ó bá ṣeé ṣe, á jẹ́ pé kì í ṣe Ọlọ́run ló lu ìyá òun. Bàbá òun ló lù ú. Kí ni òun yóò wá fi gbogbo ìbínú yìí ṣe?

Kò dágbére fún ẹnikẹ́ni. Ó jáde ní àárọ̀ ọjọ́ kan bí ẹni lọ ra búrẹ́dì, ó gba ilé rẹ̀ lọ, ó fá irùngbọ̀n rẹ̀, ó sì jókòó kọ ọ́.

Ọ̀pọ̀lọpọ̀ ohun tó kọ ló jẹ́ òtítọ́. Òórùn ibẹ̀ jẹ́ òtítọ́. Igbe náà jẹ́ òtítọ́. Ọ̀rọ̀ kan ló yí padà: ó mú ìkọ́ ilẹ̀kùn kúrò nínú, ó fi sí ìta. Ìyẹn nìkan. Ìkọ́ tó wà ní ìta sọ yàrá náà di túbú, ó sọ igbe náà di igbe ẹni tí wọ́n ń lù, ó sì sọ orin Màmá di orin ìkà tó ń kọrin lórí ẹni tó ń jìyà.

Olóòtú ìwé ìròyìn náà kà á tán, ó fi ọwọ́ gbá tábìlì. "Ṣé ó dá ọ lójú?"

"Mo gbé níbẹ̀, ọ̀gá."

"Ó tó."

Wọ́n tẹ̀ ẹ́ jáde, wọ́n pè é ní Ilé Ìdè. Onífọ́tò dúró sójú títì, ó ya ilé náà láti ìta fún wọn. Àwọn ènìyàn kà á, wọ́n sunkún. Àwọn mìíràn lọ ju òkúta sórí òrùlé Màmá. Àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba dé pẹ̀lú ọkọ̀ akẹ́rù, wọ́n kó bẹ́ẹ̀dì, wọ́n lẹ ìwé mọ́ ilẹ̀kùn, wọ́n lé àwọn ọ̀mùtí síta, wọ́n sì mú Màmá lọ sí àtìmọ́lé. Nígbà tí wọ́n dá a sílẹ̀, ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ilẹ̀kùn kò kúrò.

Abẹfẹ́lẹ́ gba àmì ẹ̀yẹ. Ó wọ kóòtù dúdú, ó dúró lórí pèpéle, ó ní òun gbà á lórúkọ àwọn tí kò ní ohùn. Wọ́n dìde, wọ́n pàtẹ́wọ́. Ó sọ ìròyìn náà di orí kan nínú ìwé rẹ̀ tuntun, àwọn olùkọ́ sì ń fi kọ́ àwọn ọ̀dọ́ bí wọ́n ṣe ń kọ òtítọ́ kó dùn.

Gbọ́, ìwọ òǹkàwé. Ẹ̀ṣẹ̀ tí aráyé ń pàtẹ́wọ́ fún ló burú jù. Ọ̀mùtí a máa jí, ojú a sì tì í. Ta ni yóò jí ẹni tó ń gba àmì ẹ̀yẹ lórí irọ́ rẹ̀?

Ní àárọ̀ ọjọ́ kan, àwọn agbálẹ̀ bá òkú ọkùnrin kan níwájú ilé ọtí. Wọ́n rán Onífọ́tò lọ yà á. Nígbà tó padà sí ọ́fíìsì, olóòtú pe Abẹfẹ́lẹ́.

"Wọ́n ní ọ̀kan nínú àwọn tó ti gbé Ilé Ìdè ni. Ohun tí ojú ẹ̀ rí níbẹ̀ ló pa á. Kọ ọ́ kó le, ọ̀la ló ń jáde."

Abẹfẹ́lẹ́ tẹ̀ síwájú láti wo àwòrán náà lójú kọ̀ǹpútà. Tíṣà ni. Ó dojú kọ òkè, ẹnu rẹ̀ là díẹ̀, bí ẹni tó fẹ́ dá àpárá kan.

Olóòtú ti lọ. Abẹfẹ́lẹ́ jókòó, ó gbé ọwọ́ lé bọ́tìnnì, ọwọ́ náà kò tẹ nǹkan kan.

"Ọtí ló pa á," ló wí. "Kì í ṣe èmi."

"Mi ò tíì sọ pé ìwọ ni," Onífọ́tò dáhùn.

"Kí ló dé tó o wá ń wò mí bẹ́ẹ̀?" Ohùn rẹ̀ lọ sókè, àwọn tó wà ní tábìlì yòókù yíjú. "Ṣé èmi ni mo rọ ọtí sí i lẹ́nu? Ṣé èmi ni mo ní kó lọ sùn síta? Àwọn ènìyàn yín tó ń kọrin ńkọ́, kí ni wọ́n ṣe fún un?"

Onífọ́tò dúró títí ó fi pariwo tán. "Ìkọ́ ilẹ̀kùn yẹn," ló wí, "inú ló wà àbí ìta?"

Abẹfẹ́lẹ́ wo ilẹ̀.

"Mo bi ọ́ léèrè."

"Inú."

Onífọ́tò mí kanlẹ̀. Nígbà tó sọ̀rọ̀, ìbínú rẹ̀ kò pariwo, ó sì le ju ariwo lọ. "Mo dúró sójú títì, mo ya ilé obìnrin yẹn fún ẹ. Mi ò bi ẹ́ léèrè kankan, torí pé ìwọ ni. Ìwọ lo purọ́, o ti ọwọ́ mi bọ̀ ọ́." Ó kó ẹ̀rọ fọ́tò rẹ̀, ó jáde.

Abẹfẹ́lẹ́ gba ilé ìgbókùúsí lọ. Kò mọ ohun tó ń wá lọ síbẹ̀. Bóyá ó rò pé òun yóò rí ẹni tí òun yóò dá lẹ́bi. Màmá ló bá níbẹ̀, ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì, ó gbé aṣọ mímọ́ kan tó ti ká dáadáa lé ẹsẹ̀. Ó wá gba òkú Tíṣà, torí pé kò sí ẹbí tó yọjú.

Màmá gbé ojú sókè, ó dá a mọ̀. Abẹfẹ́lẹ́ dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí símẹ́ǹtì, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún.

"Màmá, ẹ forí jì mí."

"Dìde," ni Màmá wí.

"Màmá, ẹ jọ̀wọ́."

"Mo ní dìde. Omijé yẹn, mo ti rí i rí. Èmi ni mo nù ún." "O jẹun lọ́wọ́ mi. O kúnlẹ̀ sáàárín àwọn ènìyàn tí ayé ti sọ nù, o fi Olúwa mi ṣeré níwájú wọn. Tíṣà yìí, lẹ́yìn tó o lọ, ó wá ẹ kiri ládùúgbò. Ó ní àbúrò òun ti padà sídìí ọtí, àwọn gbọ́dọ̀ wá a. Nígbà tí ìwé yẹn jáde, èmi ni mo kà á fún un, torí pé ojú ẹ̀ ò lè ka lẹ́tà kékeré mọ́. Ó ní kì í ṣe ìwọ lo kọ ọ́. Ó ní ìwọ ò lè kọ irú ẹ̀. Ìgbà tó wá gbà pé ìwọ ni, ó padà sílé ọtí."

Abẹfẹ́lẹ́ kò lè dìde.

"Inú ń bí mi," ni Màmá wí. "Inú ń bí mi débi pé mi ò lè gbàdúrà dáadáa. Má sunkún níwájú mi mọ́. Tó o bá ní nǹkan láti ṣe, lọ ṣe é. Jẹ́ kí n sin ọmọ mi."

Abẹfẹ́lẹ́ jáde síbi tí oòrùn ti ń mú, ó rìn títí ó fi dé ṣọ́ọ̀bù tí Onífọ́tò ti ń ṣe fọ́tò ayẹyẹ fún àwọn oníbàárà. Ó bá a níbi tó ti ń gé etí àwọn fọ́tò ìgbéyàwó.

"Mo pe Màmá láti bẹ̀ ẹ́ lórí fọ́tò tí mo yà, ó ti pè mí padà," ni Onífọ́tò wí, kò gbé ojú sókè. "Ó ní òun ò fẹ́ rí ojú ẹ. Ó tún ní kí n má jẹ́ kó o dá wà lónìí."

Abẹfẹ́lẹ́ jókòó sórí àpótí tí àwọn oníbàárà máa ń jókòó lé.

"Mi ò mọ bí mo ṣe fẹ́ ṣe é. Mo ti gba àdúrà yẹn rí. Gbogbo ọ̀rọ̀ inú ẹ̀ ni mo ti lò. Mo ní ẹlẹ́ṣẹ̀ ni mí, mo ní kó gbà mí, mo sì ń ronú bí mo ṣe máa kọ ọ́. Kí ló kù tí mo fẹ́ sọ fún un tí ò ní jọ irọ́?"

Onífọ́tò gbé àlùmọ́gàjí sílẹ̀. "Ta ló sọ fún ẹ pé ọ̀rọ̀ ẹ ló ń gbà ẹ́ là? Ìwé kíkọ ti kó sí ẹ lórí. O rò pé Ọlọ́run jókòó bí olóòtú, ó ń wò ó bóyá gbólóhùn ẹ dáa. Jésù ò kú torí pé o mọ ọ̀rọ̀ sọ. Ó kú torí pé o jẹ̀bi. Olè tí wọ́n kàn mọ́gi lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, àdúrà wo ló mọ̀ ọ́n gbà? Ó kàn gbà pé ìyà náà tọ́ sí òun, ó sì ní kí Olúwa rántí òun."

"Olè sàn jù mí. Mo mọ òtítọ́, mo sì yí i padà."

"Ó dáa. Sọ bẹ́ẹ̀ fún un."

Kò rántí kúnlẹ̀. Ó di ojú mọ́ lórí àpótí náà. "Olúwa," ló wí, "mo purọ́." Níta, ẹnìkan ń fọn fèrè ọkọ̀. "Mo purọ́ mọ́ obìnrin yẹn. Mo purọ́ fún Ọ lórí ìkúnlẹ̀. Láti kékeré ni inú ti ń bí mi sí Ọ lórí ohun tí bàbá mi ṣe. Ìwọ kọ́ lo ṣe é. Mo jẹ̀bi. Nítorí ikú Jésù, ṣàánú mi." Omijé kankan kò wá. Kò sì wá a.

Nígbà tó la ojú, Onífọ́tò ló ń sunkún.

Ẹni tó bá rò pé ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ parí sí kò tíì mọ ohun tí ìrònúpìwàdà jẹ́. Ní ọjọ́ kejì, Abẹfẹ́lẹ́ wọ ọ́fíìsì olóòtú, ó ní òun fẹ́ kọ òtítọ́ nípa Ilé Ìdè.

"Ṣé orí ẹ ti dàrú ni?" olóòtú bi í. "O fẹ́ pa ilé iṣẹ́ yìí? Ta ló ràn ẹ́? Èló ni wọ́n fún ẹ?"

"Nígbà tí mo purọ́, ọ̀gá, ìbéèrè kan ṣoṣo lẹ bi mí. Ìgbà tí mo fẹ́ sọ òótọ́ ni ìbéèrè wá pọ̀."

Wọ́n lé e níṣẹ́ kó tó jókòó. Ó lọ síwájú ìgbìmọ̀ ìjọba tó ti ilé náà pa, ó sọ ohun tó ṣe, kò fi iyọ̀ sí i, kò bu iyọ̀ kúrò. Ó dá àmì ẹ̀yẹ padà. Wọ́n kó ìwé rẹ̀ kúrò lórí àtẹ. Ìwé ìròyìn tó ń bá tiwọn figagbága gbé àwòrán rẹ̀ síwájú, wọ́n kọ ọ́ gàdàgbà pé Abẹfẹ́lẹ́ ti gé ara rẹ̀. Ìjọba gbé e lọ sílé ẹjọ́ lórí irọ́ náà, adájọ́ ní kó máa gbá títì fún ìyà ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀. Àwọn jẹgúdújẹrá tó ti tú àṣírí wọn rí á dá ọkọ̀ dúró, wọn á sọ gíláàsì kalẹ̀, wọn á rẹ́rìn-ín dáadáa kí wọ́n tó lọ.

Ṣé inú bí i? Ó bí i. Ìgbà mìíràn wà tó ń di igi ìgbálẹ̀ mú bí ẹni fẹ́ fi fọ́ orí ènìyàn. Ìbínú rẹ̀ kò kú lọ́jọ́ kan. Ṣùgbọ́n ìbínú náà ti mọ ilé tó yẹ kó kọ́kọ́ yà sí báyìí, ilé Abẹfẹ́lẹ́ fúnra rẹ̀ ni. Títí di òní ó ń kọ̀wé, ó ń tú àṣírí àwọn aninilára, ọwọ́ rẹ̀ sì ṣì mú. Ohun tí kò bá rí kì í kọ. Ẹni tó bá fẹ́ kọ nípa rẹ̀, á kọ́kọ́ lọ jókòó níwájú onítọ̀hún kó lè gbọ́ tẹnu rẹ̀.

Ọjọ́ tí wọ́n ṣí ilé Màmá padà, Abẹfẹ́lẹ́ dúró ní òdìkejì títì, kò lè sọdá. Màmá rí i. Ó wò ó pẹ́. Lẹ́yìn náà ó ju ọwọ́ sí i pé kó máa bọ̀.

"Mi ò tíì dárí jì ọ́ tán," ló wí nígbà tó dé. "Mò ń bẹ Ọlọ́run lórí ẹ̀. Ní àárọ̀, mo máa ń dárí jì ọ́, tó bá di ọ̀sán, inú á tún bí mi. Ṣùgbọ́n Ẹni tó yẹ kínú bí jù mí lọ ti gbà ọ́, kí ni mo wá fẹ́ wí? Wá gbé ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì yìí. Ó wúwo."

Ó gbé e. Wọ́n jọ gbé e wọlé.

Ìwọ tí ò ń ka ìwé yìí, ìwọ ni mo ń bá wí báyìí, má wo ẹ̀yìn wá ẹlòmíràn.

Bóyá o kò kọ ìròyìn rí. Ṣùgbọ́n o mọ ẹ̀ṣẹ̀ aládùúgbò rẹ dé gbòǹgbò, o lè kà á láìwo ìwé. O mọ ohun tí pásítọ̀ ṣe, ohun tí àna rẹ ṣe, ohun tí ọ̀gá rẹ kó jẹ. Nígbà tí o bá ń sọ ọ́, o máa ń fi díẹ̀ kún un kó lè dùn létí. Díẹ̀ yẹn ni wọn yóò fi sin ẹnìkan. Ta lo ti bà jẹ́? Nínú ilé ta ni wọ́n ti ń sunkún nítorí ẹnu rẹ?

Bóyá àwọn onísìn ló ṣe ọ́ ní ibi nígbà tí o wà ní kékeré. Mo gbà. Ìkà ni wọ́n, Ọlọ́run yóò sì bá wọn ṣe é. Ṣùgbọ́n ìwà wọn kò ní gbà ọ́ ní ọjọ́ ìdájọ́. Wọn kò ní pe orúkọ bàbá rẹ nígbà tó bá kàn ọ́. Orúkọ rẹ ni wọn yóò pè.

Bóyá o tilẹ̀ ti jáde síwájú pẹpẹ rí. O gbé ọwọ́ sókè, o sunkún, wọ́n pàtẹ́wọ́ fún ọ, o sì padà sílé bí o ṣe wá. O wá ń rò pé ilẹ̀kùn ti tì mọ́ ọ nítorí pé o ti fi ṣeré. Kò tíì tì. Ẹni tó dúró lẹ́nu rẹ̀ kò kú nítorí àwọn tó mọ ẹkún sun. Ó kú nítorí òpùrọ́, ó jí dìde nítorí òpùrọ́, ó sì mọ gbogbo irọ́ rẹ kí o tó kúnlẹ̀.

Ṣùgbọ́n má sọ pé ọ̀la. Tíṣà ò ní ọ̀la. Ibi tí o ti ń ka èyí, nínú ọkọ̀, ní ìdí iṣẹ́, lórí bẹ́ẹ̀dì ilé ìwòsàn, ibẹ̀ náà dára tó. Má wá ọ̀rọ̀ dídùn. Dárúkọ ohun tí o ṣe fún un, pè é ní orúkọ tó ń jẹ́ gan-an, kí o sì bẹ Jésù kó gbà ọ́. Lẹ́yìn náà, dìde, kí o lọ bá ẹni tí o ṣẹ̀.

Lónìí ni.